OLÓRIN TÍ Ó BỌ́ SÍ INÚ SINIMÁ

Ọ̀rọ̀ kan wà ní ilẹ̀ tí ó ti ń fa àríyànjiyàn ní agbègbè wa yìí fún ìgbà díẹ̀, pàápàá jù lọ ní oríta tí tọmọdé tàgbà mọ̀ sí Apple Junction ní Amúwo-Ọ̀dọ̀fin, níbi tí ọkọ̀ èrò ti ń fi ìdí ko ìdí láti òwúrọ̀ títí di alẹ́. Ọ̀rọ̀ náà ni ti àwọn olórin tí wọ́n ń bọ́ sí inú sinimá. Apá kan ń wí pé ọ̀kánjúwà ni ẹni tí ó jẹ tirẹ̀ tán tí ó tún na ọwọ́ sí àwo ẹlòmíràn: ẹni tí orin ti sọ di olówó, kí ni ó tún ń wá nínú iṣẹ́ tí ẹlòmíràn ti fi ọdún mẹ́wàá kọ́? Apá kejì ń dáhùn pé ẹ̀bùn Ọlọ́run kò ní ààlà, àti pé ẹni tí ó lè fi orin pa ogunlọ́gọ̀ ènìyàn lẹ́kún kò ní ṣàì lè pa wọ́n lẹ́kún nínú eré. Àwa ti gbọ́ ẹnu apá méjèèjì. Lójú tiwa, àwọn tí ń jà náà kò tí ì wo ohun tí ó wà lábẹ́ ìjà wọn, èyíinì ni pé orin kíkọ àti eré ṣíṣe níwájú kámẹ́rà kì í ṣe ọmọ ìyá bí a ti rò. Ẹni tí yóò ti inú èkíní bọ́ sí èkejì ní ohun kan tí ó gbọ́dọ̀ fi sílẹ̀ ní ẹnu ọ̀nà, ohun náà kò sì rọrùn láti fi sílẹ̀.

Kò sí ibi tí ó yẹ kí a ti bẹ̀rẹ̀ ju Festac Town fúnra rẹ̀ lọ, nítorí pé ìlú tí orin àti eré bí ni. Láti ọjọ́ 15 oṣù Kìíní títí di ọjọ́ 12 oṣù Kejì ọdún 1977 ni àwọn ènìyàn dúdú láti gbogbo àgbáyé péjọ sí Èkó fún àjọ̀dún ńlá ti iṣẹ́ ọnà àti àṣà, ìlú yìí sì ni ìjọba kọ́ láti fi gba àwọn àlejò náà sí ilé. Ìdí nìyí tí àwọn òpópó rẹ̀ fi ní nọ́ńbà, First Avenue, Second Avenue, bẹ́ẹ̀ bẹ́ẹ̀ lọ, bí ẹni to ìwé sí inú fáìlì, ohun tí ó máa ń wu àwa akọ̀wé gidigidi. Nígbà tí àjọ̀dún parí ni a pín àwọn ilé náà fún àwọn ará ìlú. Àwọn ọmọ tí a tọ́ dàgbà síbẹ̀ kò ṣe aláìmọ̀ orin. Festac yìí ni 2Face Idibia àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ nínú Plantashun Boiz gbé kí òkìkí wọn tó kàn. Orin rẹ̀ tí ń jẹ́ African Queen, tí ó jáde ní ọdún 2004, ti wọ inú sinimá àwọn ará Amẹ́ríkà ní ọdún 2006, nínú eré tí wọ́n pè ní Phat Girlz, bí ó tilẹ̀ ṣe pé ohùn rẹ̀ nìkan ni ó wọlé, ara rẹ̀ dúró síta.

Lára àwọn tí wọ́n wá kọrin ní àjọ̀dún ọdún 1977 ni Ìyáàfin Miriam Makeba, ọmọ ilẹ̀ Gúúsù Áfíríkà. Ọ̀pọ̀ ènìyàn tí ó mọ orin rẹ̀ kò mọ̀ pé sinimá ni ó ṣí ilẹ̀kùn ayé fún un. Ọkùnrin ará Amẹ́ríkà kan, Lionel Rogosin, ni ó ń ya sinimá ní ìkọ̀kọ̀ ní Johannesburg láti fi han ayé irú ìyà tí ìjọba àwọn aláwọ̀ funfun fi ń jẹ ènìyàn dúdú níbẹ̀, ó sì ní kí Makeba wá kọrin nínú rẹ̀. Kò pẹ́ nínú eré náà rárá. Inú ilé ọtí kan ni ó ti kọrin, gẹ́gẹ́ bí ara rẹ̀, olórin ni wọ́n pè, olórin náà ni ó sì wá. Come Back, Africa ni orúkọ sinimá náà. A fi í hàn ní Venice ní ilẹ̀ Ítálì ní ọdún 1959, Makeba sì tẹ̀ lé e lọ. Ní ọdún 1960 ni ìjọba ilẹ̀ rẹ̀ fagi lé ìwé ìrìnnà rẹ̀, kò sì lè padà wá sin ìyá rẹ̀. Ó di ọdún 1990 kí ó tó tún fi ẹsẹ̀ tẹ ilẹ̀ tí a gbé bí i.

Lẹ́yìn èyí ni sinimá Sarafina! dé ní ọdún 1992. Makeba wà nínú rẹ̀, ṣùgbọ́n kì í ṣe Makeba tí gbogbo ayé ń pàtẹ́wọ́ fún ni wọ́n fi hàn wá. Ìyá ọmọbìnrin náà ni ó jẹ́, ìyá tí ń ṣe ọmọ-ọ̀dọ̀ ní ilé òyìnbó, tí ọmọ tirẹ̀ fúnra rẹ̀ ń fi ojú ẹni tí ó gba ìyà mọ́ra jù wò. Obìnrin tí àwọn ọba àti àwọn olórí ìlú ti dìde fún wọ aṣọ ọmọ-ọ̀dọ̀, ó sì jẹ́ kí ọmọdé kan tójú tì í. Ọdún mẹ́tàlélọ́gbọ̀n ni ó wà láàárín sinimá méjèèjì náà. Ní ti èkíní, orin ni ó gbé e wọlé. Ní ti èkejì, eré ni ó ṣe. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ fi ìyàtọ̀ yìí sí ọkàn, nítorí pé a óò tún nílò rẹ̀.

Bóyá ẹnìkan yóò bi wá pé, kí ni ó tilẹ̀ ṣòro nínú rẹ̀? Ṣe àwọn olórin kò ti mọ kámẹ́rà lójú ni? Kò sí ẹni nínú wọn tí kò tíì ya àwòrán tí ń rìn láti fi polówó orin rẹ̀. Òótọ́ ni, ibẹ̀ gan-an ni ewu sì wà. Nígbà tí a bá ń ya àwòrán fún orin, a ti gba ohùn náà sílẹ̀ tẹ́lẹ̀. Wọn a gbé e sí ẹ̀rọ kí ó máa ké, olórin a sì máa fi ẹnu tẹ̀ lé e. A sọ fún un pé kí ó wo ojú kámẹ́rà tààrà, kí ó rẹ́rìn-ín sí i, kí ó jó sí i, bí ẹni pé olùfẹ́ rẹ̀ ni ó wà lẹ́yìn rẹ̀. Nǹkan bí ìṣẹ́jú mẹ́rin, ọ̀rọ̀ ti parí. Nínú sinimá, ẹ̀ṣẹ̀ àkọ́kọ́ tí òṣèré lè dá ni pé kí ó wo ojú kámẹ́rà. Ó gbọ́dọ̀ ṣe bí ẹni pé kò sí ẹ̀rọ kankan níbẹ̀, kò sí iná, kò sí ogún ènìyàn tí wọ́n dúró tí wọ́n pa ẹnu mọ́ tí wọ́n ń wò ó.

Èyí nìkan kọ́. A kì í ya sinimá tẹ̀ léra bí ìtàn rẹ̀ ti tò. Ó lè jẹ́ pé òní ni wọn yóò ya ìran ìsìnkú, tí ó di ọ̀sẹ̀ tí ń bọ̀ kí wọ́n tó ya ìran tí òkú náà ti ń jẹun láàyè. Òṣèré gbọ́dọ̀ mọ iye ìbànújẹ́ tí ó yẹ kí ó wà ní ojú rẹ̀ ní ọjọ́ kọ̀ọ̀kan. Ìran kan ṣoṣo, wọ́n lè yà á nígbà mẹ́jọ, láti ọ̀tún, láti òsì, láti òkèèrè, láti ìtòsí, bí ó bá sì jẹ́ pé ọwọ́ ọ̀tún ni ó fi gbé ife ní ìgbà àkọ́kọ́, ọwọ́ ọ̀tún náà ni yóò máa fi gbé e títí tí ilẹ̀ yóò fi ṣú, bí bẹ́ẹ̀ kọ́ ẹni tí ń gé àwòrán pọ̀ kò ní rí i lò. Lẹ́yìn gbogbo rẹ̀, kò sí àtẹ́wọ́. Olórin tí ó ti mọ́ lára pé kí ariwo èrò máa dá a lóhùn ní gbogbo ìlà orin kò ní gbọ́ nǹkan kan ju ohùn olùdarí eré lọ, tí yóò wí pé kí wọ́n tún un ṣe.

Ṣùgbọ́n kí á má ba à rò pé òyìnbó ni ó kọ́ wa ní gbogbo èyí, ó yẹ kí á rántí àwọn baba wa nínú iṣẹ́ náà. Ní ilẹ̀ Yorùbá, orin ni ó bí eré, eré sì ni ó bí sinimá. Olóyè Hubert Ògúndé, ọmọ Òsósà ní ilẹ̀ Ìjẹ̀bú, ti jẹ́ olùkọ́ àti atẹ dùùrù ní ṣọ́ọ̀ṣì kí ó tó wọ iṣẹ́ ọlọ́pàá. Ní ọdún 1944 ni ó gbé eré olórin kan kalẹ̀ ní Èkó nípa ọgbà Édẹ́nì àti ìtẹ́ Ọlọ́run, eré tí ìjọ kan ní kí ó ṣe fún àwọn. Ní ọdún 1945 ó fi iṣẹ́ ìjọba sílẹ̀, ó sì dá ẹgbẹ́ tirẹ̀ sílẹ̀. Ohun tí àwọn òbí ìgbà náà sọ nípa ọlọ́pàá tí ó fi iṣẹ́ oṣù sílẹ̀ nítorí eré, àwa kò ní kọ ọ́ sí ojú ìwé yìí. Orin ìṣíde ni ó fi ń bẹ̀rẹ̀ eré, orin ni ó fi ń kádìí rẹ̀, àwọn orin náà sì di àwo gírámáfóònù tí à ń rà sí ilé. Ìgbà tí ó gbé Yorùbá Ronú jáde ní ọdún 1964, orin inú rẹ̀ gún àwọn olóṣèlú lára tó bẹ́ẹ̀ tí ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn fi òfin de ẹgbẹ́ rẹ̀. Ó di ọdún 1966 kí òfin náà tó kúrò. Nígbà tí ó ya sinimá Aiyé ní ọdún 1979, tí ó ṣe babaláwo tí ń bá àwọn àjẹ́ jà, kò sí ẹnikẹ́ni tí ó bi í pé kí ni olórin ń wá nínú sinimá. Àwọn ènìyàn to ìlà kí wọ́n lè wọlé.

Ṣáájú rẹ̀ ni Adéyẹmí Afọláyan, tí gbogbo wa mọ̀ sí Adé Love. Òun ni ó ṣe aṣáájú nínú Àjàní Ògún ní ọdún 1976, sinimá tí Ọlá Balógun darí, tí í ṣe ìtàn ọdẹ ọ̀dọ́mọkùnrin kan àti olóṣèlú olówó tí ó gba ilẹ̀ baba rẹ̀. Orin kún inú rẹ̀ fọ́fọ́, Adé Love sì ni ó ń kọ ọ́. Fún irú àwọn wọ̀nyí, kò sí odò kankan láti là kọjá, nítorí pé orin àti eré kò tí ì pínyà ní ọwọ́ wọn. Odò náà dé nígbà tí fídíò dé. Láti ọdún 1992 síwájú, nígbà tí a bẹ̀rẹ̀ sí ya eré sí orí kásẹ́ẹ̀tì tí a sì ń tà á ní ẹgbẹẹgbẹ̀rún ní ọjà Alábà ní Ọjọ́, tí kò jìnnà sí ọ̀dọ̀ wa níhìn-ín, òṣèré di òṣèré, olórin di olórin, oníkálùkù ní ẹgbẹ́ tirẹ̀, alága tirẹ̀ àti ìjà tirẹ̀. Láti ìgbà náà ni ó ti di ìròyìn bí ẹnìkan bá kọjá láti apá kan sí èkejì.

Ẹni tí ó la odò yìí kọjá dáradára jù lọ, lójú tiwa, ni olóògbé Onyeka Onwenu. Ọmọ Arondizuogu ní ilẹ̀ Ìgbò ni. A bí i ní ọdún 1952, ó kàwé ní ilé-ẹ̀kọ́ gíga Wellesley ní Amẹ́ríkà, ó sì padà wá ṣiṣẹ́ ìròyìn ní ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n ìjọba. Ní ọdún 1984 ni ó bá ilé iṣẹ́ BBC ṣe àwòrán A Squandering of Riches, tí ó tú àṣírí bí a ti ń fi owó epo rọ̀bì ṣòfò ní ilẹ̀ wa. Lẹ́yìn náà ni àwo orin One Love jáde ní ọdún 1986, òkìkí rẹ̀ sì kàn dé ibi gbogbo. Ẹ̀yin tí ẹ ti dàgbà díẹ̀ yóò rántí bí òun àti Ọba orin jùjú, Sunny Adé, ti jọ kọrin ní ọdún 1989 láti gba àwọn ọ̀dọ́ níyànjú kí wọ́n má ṣe kánjú, àti láti kọ́ àwọn tọkọtaya nípa ìfètò sọ́mọ bíbí. Àwọn ọmọ ilé ẹ̀kọ́ ń kọ orin náà láìmọ ìtumọ̀ rẹ̀ pátá.

Irú obìnrin bẹ́ẹ̀, bí ó bá fẹ́ wọ sinimá, kò bá ti ní kí wọ́n kọ ìtàn kan fún òun nípa olórin arẹwà tí gbogbo ọkùnrin ń sáré tẹ̀ lé. Kò ṣe bẹ́ẹ̀. Nínú Nightmare, eré rẹ̀ àkọ́kọ́ tí Zik Zulu Okafor gbé jáde, àgàn ni ó jẹ́, obìnrin kan tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ Jọkẹ́, tí ó gbé ọmọ ọwọ́ tí ẹnìkan sọ nù tọ́. Ẹ̀yin obìnrin ilẹ̀ yìí mọ ohun tí ó túmọ̀ sí kí gbajúmọ̀ gbà láti ṣe àgàn níwájú ènìyàn. Ní ọdún 2006 ni wọ́n fún un ní ẹ̀bùn àwọn òṣèré Áfíríkà, AMAA, fún ipa amúgbálẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ nínú Widow's Cot. Nínú Half of a Yellow Sun, ní ọdún 2013, ìyá ọkọ láti abúlé ni, ìyá tí kò fẹ́ rí ìyàwó ọmọ rẹ̀ sójú nítorí pé ó kàwé jù. Ó sì ṣe ìyá náà tó bẹ́ẹ̀ tí ẹni tí kò mọ̀ ọ́n rí yóò bínú sí i. A kò rí olórin níbẹ̀ mọ́. Ìyẹn ni ohun tí a ń sọ pé ó gbọ́dọ̀ wà ní ẹnu ọ̀nà: kí ènìyàn gbà kí wọ́n má ṣe fẹ́ràn òun fún wákàtí méjì. Iṣẹ́ olórin láti òwúrọ̀ dé alẹ́ ni pé kí wọ́n fẹ́ràn òun.

Nínú àwọn ọ̀dọ́ ìsinsìnyí, Falz ni a óò fi ṣe ẹ̀rí. Fọlárìn Fálànà ni orúkọ rẹ̀, ọmọ agbẹjọ́rò tí ẹ mọ̀, òun pẹ̀lú sì kọ́ ìmọ̀ òfin kí ó tó sọ pé orin ni òun fẹ́. Inú orin rẹ̀ ni ó ti kọ́kọ́ ṣẹ̀dá ènìyàn kan, ọmọ Yorùbá tí ń sọ Gẹ̀ẹ́sì ńlá tí ahọ́n rẹ̀ kò sì jẹ́ kí ó yọ́ lẹ́nu, tí gbogbo wa ń rẹ́rìn-ín sí nítorí pé a mọ̀ ọ́n ní ilé wa. Ẹni yìí náà ni ó gbé wọ inú Jenifa's Diary ti Fúnkẹ́ Akíndélé, ó sì gba ẹ̀bùn òṣèré aláwàdà ní ọdún 2016. Àwọn kan wí nígbà náà pé kò ṣe nǹkan kan ju kí ó gbé àwàdà orin rẹ̀ láti ibì kan sí ibòmíràn. Àwa náà rò pé òótọ́ díẹ̀ wà nínú rẹ̀. Ṣùgbọ́n ní ọdún 2022, nínú Brotherhood, ọlọ́pàá ni ó ṣe, ẹni tí ìbejì rẹ̀ di olè, kò sì sí àwàdà níbẹ̀, kò sí ahọ́n wíwúwo. Ó fi ohun tí a mọ̀ ọ́n sí sílẹ̀, ó sì dúró.

Simi ńkọ́? Ohun tí ó ṣe kéré, ó sì dára. Ọ̀gbẹ́ni Kúnlé Afọláyan, ọmọ Adé Love tí a sọ̀rọ̀ rẹ̀ lókè, ni ó fi í sí inú Mokálíkì ní ọdún 2019, ìtàn ọmọdékùnrin kan láti ilé olówó díẹ̀ tí baba rẹ̀ mú lọ lo ọjọ́ kan ní ọgbà àwọn mẹkáníìkì. Olóúnjẹ ni Simi ṣe níbẹ̀, ọ̀rọ̀ tí ó sọ kò pọ̀. Bí olórin kan bá bi wá léèrè ọ̀nà tí ó yẹ kí òun gbà wọlé, irú ọ̀nà yìí ni a óò tọ́ka sí.

A wá dé ọ̀dọ̀ ẹni tí ọ̀rọ̀ rẹ̀ dá àríyànjiyàn náà sílẹ̀ gan-an. Tiwa Savage, ọmọ Ìsàlẹ̀ Èkó, tí a bí ní ọdún 1980, kì í ṣe olórin tí a lè fi ọwọ́ rọ́ sẹ́yìn. Ó bá àwọn òbí rẹ̀ ṣí lọ sí London ní ọmọ ọdún mọ́kànlá, ó kọ́ ìmọ̀ orin ní Berklee ní Amẹ́ríkà, ó sì padà wá sí Èkó nígbà tí ọjà orin obìnrin kò tí ì gbówó. Kele Kele Love ni ó fi kan ilẹ̀kùn ní ọdún 2010. Ní ọjọ́ 7 oṣù Karùn-ún ọdún 2023, ó kọrin ní ààfin Windsor níbi ayẹyẹ ìfijoyè Ọba Charles. Kì í sì í ṣe pé kò fojú kan eré rí: ní ọdún 2013 ó wà nínú eré tẹlifíṣọ̀n Shuga, èyí tí wọ́n fi ń kọ́ àwọn ọ̀dọ́ nípa àrùn éèdì.

Ní ọjọ́ 10 oṣù Karùn-ún ọdún 2024 ni sinimá rẹ̀, Water & Garri, jáde lórí Prime Video. Meji Alabi ni ó darí rẹ̀, ẹni tí ó ti ya ọ̀pọ̀lọpọ̀ àwòrán orin fún àwọn olórin wa. Etíkun Cape Coast ní ilẹ̀ Ghana ni wọ́n ti yà á. Orúkọ àwo orin kan tí ó ti gbé jáde ní ọdún 2021 ni wọ́n sọ eré náà. Ìtàn rẹ̀ ni ti Aisha, aránṣọ ìgbàlódé tí ó ti lọ sí òkè òkun fún ọdún mẹ́wàá, tí ikú inú ẹbí fi pè é padà sí ilé, tí ó bá ìjà ìgboro àti olólùfẹ́ àtijọ́. Ìtàn tí ó dára láti gbọ́ ni. Àwọn àwòrán rẹ̀ sì lẹ́wà. Òkun, ògiri, aṣọ, awọ ara ènìyàn nínú oòrùn ìrọ̀lẹ́, a kì í sábà rí wọn bẹ́ẹ̀ nínú sinimá wa.

Ṣùgbọ́n a kò ní fi òtítọ́ pamọ́ fún yín. Olùdarí tí ó mọ orin yà, àti òṣèré tí ó mọ orin kọ, wọ́n jọ ya orin gígùn kan. Ìran á bẹ̀rẹ̀, yóò rẹwà, orin á wọlé, ìran á sì parí kí ẹ̀dùn ọkàn tó dé. Ní ibi tí ó yẹ kí Aisha ti dáràn, tí ó yẹ kí a ti bínú sí i nítorí ọdún mẹ́wàá tí ó fi pa ilé rẹ̀ tì, wọ́n dáàbò bò ó bí ẹni pé ẹyin ni. Kì í ṣe pé Tiwa kò lè ṣe eré. Ìran kan wà tí ó dákẹ́ tí kò sọ ohunkóhun, ojú rẹ̀ nìkan ni ó ń sọ̀rọ̀, àwa sì rò nínú ara wa pé, ó mọ̀ ọ́n ṣe! Ohun tí ó kù ni kí ẹnìkan kọ ìtàn kan fún un tí kò ní bọ̀wọ̀ fún un. A fẹ́ rí i gẹ́gẹ́ bí ìyá alágbo, tàbí gẹ́gẹ́ bí obìnrin tí ó jalè ní ọjà, kì í ṣe gẹ́gẹ́ bí ẹni tí gbogbo ènìyàn nínú eré ti fẹ́ràn kí ó tó wọlé.

Ẹ̀yin oníṣòwò yóò tètè lóye ìdí tí ó fi rí bẹ́ẹ̀. Ẹni tí ó bá fẹ́ fi owó sí sinimá a máa wá ohun tí yóò mú kí ọjà rẹ̀ yá, orúkọ olórin sì dà bí àmì tí a lẹ̀ mọ́ kẹ́ẹ̀gì òróró: ènìyàn ti mọ àmì náà, yóò rà á láì tọ́ ọ wò. Àmì a máa ta kẹ́ẹ̀gì àkọ́kọ́. Ṣùgbọ́n bí òróró inú rẹ̀ bá lómi, ẹ mọ ohun tí oníbàárà yóò ṣe ní ìgbà kejì, àti irú èébú tí yóò bù fún gbogbo òróró tí ó bá wà ní àtẹ yẹn, títí kan èyí tí kò lómi. Ibẹ̀ ni ẹ̀dùn àwọn òṣèré ti wá. Ọmọ tí ó ti kẹ́kọ̀ọ́ eré ní Ìbàdàn tàbí ní Ifẹ̀, tí ó ti sùn sí ibi ìyàwòrán, tí ó ti ṣe ìránṣẹ́ àti òkú nínú eré ogún, a sọ fún un pé ipa aṣáájú ti lọ, nítorí pé olórin kan fẹ́ dán an wò. A kò lè ní kí ó má bínú. Bí wọ́n bá gba oúnjẹ rẹ̀, ó kéré tán kí ẹni tí ó gbà á jẹ ẹ́ dáradára.

Kí á sì rántí pé ọ̀nà náà kì í ṣe ọ̀nà kan ṣoṣo. Nígbà tí Ọ̀gbẹ́ni Túndé Kèlání fẹ́ ya ìgbésí ayé Àyìnlá Ọmọwúrà, ọ̀gá àpàlà tí wọ́n pa nínú ìjà ilé ọtí ní Abẹ́òkúta ní ọdún 1980, kò lọ wá olórin. Òṣèré ni ó pè, Lateef Adédiméjì, sinimá Àyìnlá sì jáde ní ọdún 2021. Ẹni tí kì í ṣe olórin di olórin níwájú wa, àwọn tí wọ́n mọ Àyìnlá ní ojúkojú kò sì jáde wá bú u.

Ọ̀rọ̀ èdè tún wà, èyí tí ó ń dùn wá ní ọkàn ju àwọn yòókù lọ. Ní ọdún 2019, àwọn ará Amẹ́ríkà tí ń pín ẹ̀bùn Oscar kọ Lionheart ti Genevieve Nnaji, nínú èyí tí Onyeka Onwenu ti ṣe ìyá aṣáájú, nítorí pé ẹ̀bùn tí wọ́n fẹ́ gbà wà fún sinimá tí kì í ṣe èdè Gẹ̀ẹ́sì, bẹ́ẹ̀ ni Ìgbò tí ó wà nínú rẹ̀ kò ju nǹkan bí ìṣẹ́jú mọ́kànlá lọ. Àwọn ọmọ wa bínú. Àwa kò rí ìdí ìbínú náà. Òfin ti wà ní ilẹ̀ tẹ́lẹ̀. Ohun tí ó yà wá lẹ́nu ni pé àwọn olórin wa, tí wọ́n ń fi Yorùbá ṣe oyin inú orin wọn, tí àwọn àjèjì tí kò gbọ́ ọ ń jó sí i, a máa fi Yorùbá náà sílẹ̀ ní ilé nígbà tí wọ́n bá ń lọ sí ibi sinimá. Nínú Water & Garri, Gẹ̀ẹ́sì ni ó pọ̀ jù. Bí Tiwa bá jókòó sínú ìran kan tí ó sì fi Yorùbá Ìsàlẹ̀ Èkó bú ẹnìkan dáradára fún ìṣẹ́jú méjì, a dá a lójú pé ìjà inú oríta wa ì bá ti parí.

Onyeka Onwenu kú ní Èkó ní ọjọ́ 30 oṣù Keje ọdún 2024, ní alẹ́ ọjọ́ tí ó kọrin níbi ayẹyẹ ọjọ́ ìbí kan. Makeba pẹ̀lú, ní oṣù Kọkànlá ọdún 2008, orí ìtàgé orin ni ó ti kúrò ní Ítálì kí ikú tó mú un lọ. Kò sí èyí tí ó fi orin sílẹ̀ nínú wọn.

Ó ku ohun kan nípa Olóyè Ògúndé tí a kò tí ì sọ. Nígbà tí Bruce Beresford wá ya Mister Johnson ní Àríwá ilẹ̀ wa, láti inú ìwé Joyce Cary, Ògúndé ti lé ní ẹni àádọ́rin ọdún. Ó ti ní sinimá tirẹ̀, ẹgbẹ́ tirẹ̀, ìlú eré tirẹ̀ ní Òsósà, kò sì sí ẹni tí ó lè pàṣẹ fún un nínú iṣẹ́ náà ní gbogbo ilẹ̀ Yorùbá. Ipa tí wọ́n fún un nínú eré òyìnbó yìí kéré, kì í ṣe tirẹ̀ ni ìtàn náà ń sọ, ọ̀dọ́mọkùnrin kan tí ń jẹ́ Maynard Eziashi ni aṣáájú. Ó gbà á, ó sì ṣe é. Ó kú ní London ní ọjọ́ 4 oṣù Kẹrin ọdún 1990, kí sinimá náà tó jáde.